Akẹ́kọ̀ọ́ mi ní ìgbì ìbúgbàmù yára ju ìró lọ: ṣé òun ló jàre?

Tíṣà Àlàbá
Ọjọ́ Ẹtì, 8:14 alẹ́

Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin ará. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí lọ́wọ́ ìtìjú. Físíìsì ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún sí mẹ́tàdínlógún. Lọ́sẹ̀ yìí mo fi fídíò ìbúgbàmù ńlá kan hàn wọ́n, èyí tí ẹnì kan yà láti orí òrùlé. Mi ò ní dárúkọ ibẹ̀, torí èèyàn kú. Mo sọ fún wọn pé ohun tó wá fọ́ gíláàsì káàkiri yẹn kì í ṣe nǹkan mìíràn, ìró ni, ó kàn pọ̀ jù ni, àti pé mítà 340 ló ń sá ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan bíi gbogbo ìró yòókù.

Ọmọbìnrin kan gbé fídíò náà lọ sílé, ó ń yẹ̀ ẹ́ wò ní fọ́tò kọ̀ọ̀kan. Fọ́tò 30 ló wà nínú ìṣẹ́jú àáyá kan. Ó sàmì sí ìgbà tí eruku dìde lẹ́sẹ̀ ilé kan, ó tún sàmì sí ìgbà tó dìde lẹ́sẹ̀ ilé kejì, ó wá wọn àárín àwọn méjèèjì lórí máàpù. Mítà 200. Fọ́tò 12 péré ló gbà á, ìyẹn ìṣẹ́jú àáyá 0.4. Ẹ pín in wò: mítà 500 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ó gbé ìwé rẹ̀ wá síwájú mi lójú gbogbo kíláàsì, ó ní, "Sà, èwo la máa kọ, tiyín àbí ti fídíò?"

Mo ní mo ń lọ wò ó. Ọjọ́ Ajé la ó tún pàdé. Ṣé ọmọ yìí ló ṣì í wọ̀n, àbí èmi ni mo ti ń kọ́ wọn ní irọ́ láti ọjọ́ yìí wá? Ẹlòmíràn tún bi mí ìdí tí gíláàsì àwọn ilé kan fi já bọ́ síta dípò kó wọlé. Ìyẹn náà ò yé mi.

Ṣẹ́gun Ń Wòran
Ọjọ́ Ẹtì, 8:31 alẹ́

Ìró ni jàre. Ooru ló fà á. Bí afẹ́fẹ́ bá gbóná, ìró á yára sí i. Ọjọ́ yẹn lè jẹ́ ọjọ́ oòrùn. Ẹ má jẹ́ kí ọmọ kékeré kó ọkàn yín sókè.

Akọ̀wé Ìṣirò
Ọjọ́ Ẹtì, 9:02 alẹ́

Ṣẹ́gun, òótọ́ ni pé ooru ń mú ìró yára, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká ṣírò ó ká tó fẹnu tì í. Nínú afẹ́fẹ́ tó wà ní ìwọ̀n òdo Sẹ́ṣíọ̀sì, mítà 331 ni ìró ń sá. Ìwọ̀n kọ̀ọ̀kan tí ooru bá fi lé sí i ń fi nǹkan bíi 0.6 kún un. Bí ọjọ́ bá gbóná dé 40, ẹ ò ní rí ju 355 lọ. Kí ìró tó lè sá mítà 500, afẹ́fẹ́ ní láti gbóná tó nǹkan bíi 350. Ta ni yóò dúró sórí òrùlé máa ya fídíò nínú ìyẹn?

Ká ní ọmọ náà ṣi fọ́tò kan kà. Bó bá jẹ́ 13, iye tó máa rí ni 461. Bó bá jẹ́ 11, ó di 545. Èyí tó kéré jù níbẹ̀ ṣì ju ìró lọ fíìfíì.

Ibi tí ọwọ́ rẹ̀ ti lè yẹ̀ ni máàpù. Àárín ilé méjì kọ́ ló yẹ kó wọ̀n. Láti ojú ibi tí nǹkan ti bú ni ìgbì náà ti ń gbòòrò bí òbírí, nítorí náà kó wọn bí ilé kọ̀ọ̀kan ṣe jìnnà sí ojú ibẹ̀, kó wá yọ ìkan kúrò nínú èkejì. Bí àwọn ilé náà ò bá tò tààrà, 200 yẹn ti pọ̀ jù nìyẹn.

Màmá Físíìsì
Ọjọ́ Ẹtì, 10:20 alẹ́

Tíṣà, ọmọ yẹn ló jàre. Ẹ fún un ní máàkì rẹ̀ kó tó di pé ó wá gbà á fúnra rẹ̀.

Ẹ gbọ́ bó ṣe rí. Afẹ́fẹ́ tó yí wa ká ń tì wá láti ìhà gbogbo, ìfúnpá rẹ̀ sì tó 101,000 Pascal. Ìró, àní èyí tó pariwo débi pé etí ń roni, kò fi ìdá kan nínú ẹgbẹ̀rún kún ìyẹn. Afẹ́fẹ́ ò mọ̀ pé nǹkan kan kọjá lára òun. Nǹkan tó bá kéré báyẹn ni òfin mítà 340 wà fún.

Nígbà tí nǹkan bá bú, ohun tó ń fi kún ìfúnpá lè tó ti gbogbo afẹ́fẹ́ fúnra rẹ̀, ó sì lè ju bẹ́ẹ̀ lọ. Afẹ́fẹ́ tí wọ́n bá fún pọ̀ báyẹn á gbóná, á sì tún máa ṣí lọ síwájú. Wàyí o, apá tó wà lẹ́yìn nínú ìgbì náà ń rìn nínú afẹ́fẹ́ tó ti gbóná, tó sì ti ń sáré tẹ́lẹ̀. Ó di dandan kó lé apá iwájú bá. Ẹ rántí ìgbì òkun tó ń bọ̀ létí bèbè: orí rẹ̀ ń yára ju ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ, ó ń ga, ó ń dúró ṣánṣán, títí á fi dojú dé. Ti afẹ́fẹ́ ò lè dojú dé, nítorí náà ó kàn ń dúró bí ògiri ni. Ògiri yẹn ni àwọn onímọ̀ ń pè ní shock wave. Kò nípọn tó ìdá kan nínú ẹgbẹ̀rún mìlímítà nígbà tó bá lágbára bíi ti ọmọ yín yìí. Ní iwájú rẹ̀, afẹ́fẹ́ jókòó jẹ́jẹ́, kò tíì gbọ́ nǹkan kan. Lẹ́yìn rẹ̀, gbogbo nǹkan ti dàrú.

Ibi tó dùn mọ́ mi jù nìyí, ẹ kọ ọ́ sójú pátákó fún wọn: ẹni tó bá mọ bí ògiri yẹn ṣe ń sáré tó, ó ti mọ bí ìfúnpá rẹ̀ ṣe pọ̀ tó. Ẹ fi 343, ìyẹn ìyára ìró nínú afẹ́fẹ́ tó gbóná tó ìwọ̀n 20, pín 500, ẹ ó rí 1.46. Ẹ fi 1.46 lọ̀pọ̀ ara rẹ̀, ó di 2.13. Ẹ yọ 1 kúrò, ó ku 1.13. Ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po méje, kí ẹ wá fi mẹ́fà pín in: ó lé díẹ̀ ní 1.3. Ìyẹn ni pé lójú ibi tí ọmọ náà wọ̀n, ìgbì yẹn fi ohun tó ju ìfúnpá afẹ́fẹ́ odidi kan lọ kún èyí tó wà níbẹ̀. Fèrèsé lásán máa ń fọ́ bí ìgbì bá fi ìdá méje nínú ọgọ́rùn-ún kún un. Awọ etí lè ya bó bá ti tó ìdá kan nínú mẹ́ta. Ẹ fọkàn wo ìyẹn.

Iye 1.46 yẹn ni wọ́n ń pè ní nọ́ńbà Mach, láti ara orúkọ Ernst Mach. Òun àti Peter Salcher ló ya fọ́tò irú ògiri afẹ́fẹ́ yìí níwájú ọta ìbọn ní nǹkan bíi 1886 sí 1887, nígbà tí kò sí kọ̀ǹpútà tó ń ka fọ́tò fún ẹnikẹ́ni.

Tíṣà, ẹ̀yin náà ò jẹ̀bi tán. Bí ìgbì yẹn ṣe ń jìnnà ló ń rẹ̀. Nígbà tó bá rìn jìnnà tó, ó ti di ìró lásán tó ń sá mítà 340. Ẹ ní kí ọmọ náà tún un wọ̀n láàárín àwọn ilé tó jìnnà gan-an. Bí mo bá parọ́, fídíò á tú mi fó.

Ṣẹ́gun Ń Wòran
Ọjọ́ Ẹtì, 10:41 alẹ́

Mo ti jókòó. Ẹ má bínú, Màmá.

Jagun Àpáta
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 6:05 àárọ̀

Mi ò lọ sí yunifásítì, ṣùgbọ́n mo fi ọdún mọ́kànlélógún ṣiṣẹ́ níbi tí a ti ń fọ́ àpáta. Ẹ jẹ́ kí n dáhùn ti gíláàsì.

Ó ń tì, ó sì ń fà. Ògiri afẹ́fẹ́ tí Màmá wí á kọ́kọ́ gbá ọ, lẹ́yìn náà afẹ́fẹ́ á tún fà padà sí ibi tó ti wá. Ẹni tó bá dúró níbẹ̀ máa ń mọ̀ ọ́n lára, aṣọ rẹ á lẹ̀ mọ́ ọ láyà, á sì tún fẹ́ lọ siwájú. Lójú tèmi, fífà yẹn ló lágbára ju títì lọ, òun ló ń tú fèrèsé bọ́ síta.

Nǹkan kejì: a kì í yin ohun tí a fi ń fọ́ àpáta láàárọ̀ kùtùkùtù. Nígbà tí afẹ́fẹ́ tútù bá sùn sísàlẹ̀, tí èyí tó gbóná wà lókè, ìró tó yẹ kó gòkè lọ máa ń tẹ̀ padà wá sílẹ̀. Àwọn tó wà lọ́nà jíjìn á máa ké pé ilé àwọn ń mì, ẹni tó sún mọ́ wa ò sì ní gbọ́ nǹkan tó bẹ́ẹ̀. Ọdún mẹ́ta àkọ́kọ́ mi, mo rò pé irọ́ ni wọ́n ń pa mọ́ wa.

Màmá Físíìsì
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 9:15 àárọ̀

Jagun, ẹ ṣeun. Ti àárọ̀ yẹn, mi ò ní ọ̀rọ̀ kankan láti fi kún un. Ṣùgbọ́n lórí pé fífà lágbára ju títì lọ, mi ò bá yín lọ síbẹ̀. Títì ò ní òpin: ó lè jẹ́ ìlọ́po mẹ́wàá ìfúnpá afẹ́fẹ́. Fífà ní òpin, nítorí afẹ́fẹ́ ò lè dín ju òfìfo lọ. Ẹ ò lè yọ ju ohun tó wà nínú àpò.

Ohun tó ń tan ojú yín ni pé fífà máa ń pẹ́ ju títì lọ. Títì lè gbá gíláàsì kó sán, kó má jábọ́. Fífà á wá dé, á rọra kó àfọ́kù rẹ̀ síta. Àwọn gíláàsì mìíràn sì wà tó tẹ̀ wọnú bí ìlù, tó ta padà, tó wá fọ́ nígbà tó ń ta padà. Nítorí náà, ìdáhùn kan ṣoṣo ò tó fún ọmọ tó béèrè.

Ẹ tún sọ ti ògiri fún wọn. Ìgbì tó bá gbá ògiri kò ní dúró ní ìwọ̀n tó wà. Bó ṣe ń ta padà, ìfúnpá tó gbé wá á di ìlọ́po méjì ó kéré tán, bí ìgbì náà bá sì le gan-an ó lè súnmọ́ ìlọ́po mẹ́jọ. Ẹni tó sá lọ kó ara rẹ̀ sí igun ilé rò pé òun ti rí ibi ìsádi.

Tọ́pẹ́ Akàwé
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 11:48 àárọ̀

Ẹ̀yin àgbà, èéfín funfun tó máa ń yọ roboto bí igbá ńkọ́? Mo rí i nínú fídíò ti Beirut, 4 oṣù Kẹjọ 2020. Mo rò pé gáàsì tó jáde lára kẹ́míkà náà ni.

Akọ̀wé Ìṣirò
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 12:10 ọ̀sán

Èéfín kọ́. Kùrukùru ni, omi lásán. Èéfín tòótọ́ níbẹ̀ ni èyí tó pupa bí ìpẹtà tó gòkè lẹ́yìn náà. Ammonium nitrate tó tó tọ́ọ̀nù 2,750 ló bú ní èbúté yẹn, òun ló fún un ní àwọ̀ bẹ́ẹ̀. Èèyàn tó lé ní 200 ló kú.

Ti funfun: ẹ rántí fífà tí Jagun wí. Lásìkò fífà, ìfúnpá á lọ sílẹ̀ lójijì, afẹ́fẹ́ á tutù, omi tó wà nínú rẹ̀ á sì sẹ̀ bí ìrì. Létí òkun, afẹ́fẹ́ kún fún omi, ìdí nìyẹn tó fi hàn kedere. Bí ìfúnpá ṣe padà sípò, ó pòórá. Ẹ máa wò ó: ògiri ìgbì gan-an ti lọ siwájú kí funfun yẹn tó farahàn. Kì í ṣe òun lẹ ó fi wọn ìyára o.

Ìyá Ìbejì
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 4:37 ìrọ̀lẹ́

Mo ti ka gbogbo rẹ̀ láti òkè, mo sì gbádùn rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó tíì sọ ohun tí ọmọ máa fi gba ara rẹ̀ là. Nọ́ọ̀sì ni mí, apá ibi tí wọ́n ti ń gbé àwọn tó fara pa wọlé ni mo wà.

Ojú ló ń kọ́kọ́ rí. Ìmọ́lẹ̀ dé ọ̀dọ̀ rẹ lójú ẹsẹ̀, ìgbì ṣì wà lọ́nà. Kí sì ni gbogbo èèyàn máa ń ṣe tí wọ́n bá rí ìmọ́lẹ̀ tó kọ mànà? Wọ́n á sáré lọ sójú fèrèsé.

Ní 6 oṣù Kejìlá 1917, ọkọ̀ ojú omi Mont-Blanc tó kó ohun abúgbàmù forí gbárí pẹ̀lú ọkọ̀ mìíràn ní èbúté Halifax, ní Kánádà. Iná sọ. Fún nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú ni iná náà fi ń jó, àwọn èèyàn dúró sẹ́nu fèrèsé wọn, wọ́n ń wòran. Nígbà tó bú, ó pa èèyàn tó ju 1,700 lọ, gíláàsì sì fọ́ ojú ọ̀pọ̀ àwọn tí kò kú. Ọdún 95 kọjá. Ní 15 oṣù Kejì 2013, òkúta kan já láti òfurufú lókè ìlú Chelyabinsk ní Rọ́ṣíà, ó sì bú ní nǹkan bíi kìlómítà 30 lókè. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ga lójú. Wọ́n tún sáré lọ sójú fèrèsé. Ó ju ìṣẹ́jú kan lọ kí ìgbì náà tó dé. Nǹkan bí 1,500 èèyàn ló wá ìtọ́jú, gíláàsì ló sì gé èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Olùkọ́ kan níbẹ̀ ní kí àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ wọ abẹ́ tábìlì. Kò sí ìkankan nínú wọn tó fara pa. Òun tó dúró ni gíláàsì gé lápá.

Tíṣà, bí ẹ ò bá tiẹ̀ kọ́ wọn ní nǹkan mìíràn lọ́jọ́ Ajé, ẹ kọ́ wọn níyẹn. Bí o bá rí ìmọ́lẹ̀ ńlá, kọ ẹ̀yìn sí fèrèsé, dojú bolẹ̀, fi ọwọ́ bo etí. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta ni ìgbì ń lò fún kìlómítà kan.

Ṣẹ́gun Ń Wòran
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 5:02 ìrọ̀lẹ́

Wọ́n ní kéèyàn la ẹnu sílẹ̀ kí etí má bàa ya. Ṣé ẹ fara mọ́ ọn?

Ìyá Ìbejì
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 5:20 ìrọ̀lẹ́

Ògiri tí Màmá júwe yẹn, ṣé yóò dúró de ihò tó ti ọ̀nà ọ̀fun lọ sétí kó tó ṣí? Ọwọ́ létí ni kóo fọkàn sí. Kí o sì ti kúrò nídìí fèrèsé.

Jagun Àpáta
Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 7:44 alẹ́

Mo gba ti Màmá lórí fífà. Ọ̀rọ̀ àpò yẹn wọ̀ mí lára.

Ìyá Ìbejì, mẹ́ta fún kìlómítà kan dára, àmọ́ ẹni tó bá súnmọ́ ibẹ̀ kó má fi ọkàn lé e, torí pé nítòsí ó ń yára ju ìyẹn lọ. Ọmọ Tíṣà ti fi hàn wá.

Ohun kan tún wà tí àwọn ọ̀dọ́ ibi iṣẹ́ wa máa ń ṣì. Wọ́n á ní bí ohun tó ń bú bá di ìlọ́po méjì, ká kàn lọ dúró ní ìlọ́po méjì ọ̀nà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ó ní láti di ìlọ́po mẹ́jọ kí ibi tí agbára kan náà máa dé tó di ìlọ́po méjì. Inú gbogbo àyè ló ń tàn sí, òkè, ẹ̀gbẹ́, iwájú. Àwọn kan á gbọ́ èyí, wọ́n á ní ó dáa bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé kò burú tó. Ẹ yí i padà kẹ́ ẹ wò ó: kóo rìn dé ìdajì ọ̀nà, o ti sọ ara rẹ di ẹni tó dúró síbi tí ohun ìlọ́po mẹ́jọ ti bú.

Ṣẹ́gun Ń Wòran
Ọjọ́ Àìkú, 1:15 ọ̀sán

Kí Tíṣà ra báńgà díẹ̀ kó yìn ín lẹ́yìn kíláàsì. Àwọn ọmọ á rí i gedegbe.

Jagun Àpáta
Ọjọ́ Àìkú, 1:19 ọ̀sán

Ṣẹ́gun, etí òsì mi ò gbọ́ràn mọ́. Má tún sọ irú ọ̀rọ̀ yẹn.

Màmá Físíìsì
Ọjọ́ Àìkú, 2:30 ọ̀sán

Kò sí ìdí láti yin nǹkan kan. Ẹ lọ sídìí ẹ̀rọ omi. Ẹ ṣí i díẹ̀ kí omi máa dà sórí àwo tó tẹ́ pẹrẹsẹ. Ẹ ó rí òbírí kan: nínú rẹ̀ omi fẹ́lẹ́, ó ń sáré, ní etí rẹ̀ omi ga lójijì, ó sì falẹ̀. Etí tó ga yẹn jẹ́ ọmọ ìyá ògiri afẹ́fẹ́ wa. Ẹ fi orí ìka kan inú òbírí: omi á là sẹ́yìn ìka yín bí igun ọfà, kò sì sí ìgbì kékeré kan tó lè padà sí àárín. Ẹ kan ìta rẹ̀: àwọn ìgbì kéékèèké á tàn yí ìka yín ká. Nínú òbírí, omi yára ju ìgbì tó ń gbé ìròyìn lọ. Mo ti fi han kíláàsì púpọ̀, kò sí èyí tí wọn ò pariwo.

Ẹ tún rán wọn létí pé wọ́n ti gbọ́ ìgbì yìí rí. Mànàmáná máa ń mú afẹ́fẹ́ gbóná tó ìwọ̀n Sẹ́ṣíọ̀sì 30,000 lójijì, afẹ́fẹ́ á fò yẹ́ra, ìgbì náà á rẹ̀ lójú ọ̀nà, ó di àrá. Orí pàṣán náà, nígbà tó bá dún pàá, ó ti yára ju ìró lọ nìyẹn.

Akọ̀wé Ìṣirò
Ọjọ́ Àìkú, 3:48 ọ̀sán

Fún ọmọbìnrin yẹn nìkan, torí ó tọ́ sí i: ní 16 oṣù Keje 1945 wọ́n dán àdó olóró átọ́míìkì àkọ́kọ́ wò ní New Mexico. Agbára rẹ̀ jẹ́ àṣírí, ṣùgbọ́n wọ́n gbé àwọn fọ́tò rẹ̀ jáde lẹ́yìn náà, pẹ̀lú àkókò àti ìwọ̀n lára wọn. Onímọ̀ ará Gẹ̀ẹ́sì kan, G. I. Taylor, wo fọ́tò nìkan, ó sì ṣírò agbára náà. 1950 ni iṣẹ́ rẹ̀ jáde. Nínú fọ́tò kan, ní ìṣẹ́jú àáyá 0.025, láti àárín bọ́ọ̀lù iná náà dé etí rẹ̀ tó nǹkan bíi mítà 140. Kó fi 140 lọ̀pọ̀ ara rẹ̀ títí yóò fi jẹ́ 140 márùn-ún, kó sọ ọ́ di ìlọ́po 1.2 tó jẹ́ ìwúwo afẹ́fẹ́, kó wá fi 0.025 pín in lẹ́ẹ̀mejì. Iye Joule tó máa rí súnmọ́ agbára tọ́ọ̀nù 25,000 ti TNT, ohun abúgbàmù tí wọ́n fi ń wọn agbára bẹ́ẹ̀, kò sì jìnnà sí ohun tí àwọn tó ṣe é wọ̀n. Ohun kan náà ló ṣe sí fídíò yín.

Ẹni Orí Yọ
Ọjọ́ Àìkú, 9:06 alẹ́

Mo kàn fẹ́ sọ pé nǹkan tí ẹ ń bẹ̀rù yìí ni wọ́n fi fọ́ òkúta inú kíndìnrín mi. Wọn ò fi ọ̀bẹ kàn mí. Ìlú Munich ni wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe é fún aláìsàn, ní 1980. Ó ń dún tá, tá, tá. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan mo tọ̀ ọ́ jáde bí iyanrìn.

Tíṣà Àlàbá
Ọjọ́ Ajé, 6:50 ìrọ̀lẹ́

Ẹ kú àdúrótì. Mo bẹ̀rẹ̀ kíláàsì lónìí pẹ̀lú "ẹ má bínú, mo ṣì í," wọ́n sì pàtẹ́wọ́ ju bó ṣe yẹ lọ.

Ọmọ náà tún un wọ̀n bí Akọ̀wé ṣe wí. Àwọn ilé àkọ́kọ́ yẹn ò tò tààrà lóòótọ́: ìyàtọ̀ wọn sí ojú ibi tó ti bú jẹ́ mítà 190, ó di 475. Ó wá mú ilé méjì tó jìnnà, mítà 200 náà ni ìyàtọ̀ wọn, fọ́tò 17 ló gbà á. Ó kọ 353 sójú pátákó, ó fà á nílà lábẹ́, ó sì wojú mi. Màmá, fídíò ò tú yín fó.

A ṣe ti ẹ̀rọ omi, gbogbo aṣọ mi rin. A sì gbìyànjú abẹ́ tábìlì lẹ́ẹ̀mejì, Ìyá Ìbejì.

Ìbéèrè tó fi lé mi jáde ni pé lókè lọ́hùn-ún níbi tí kò ti sí afẹ́fẹ́, kí ni ìbúgbàmù máa tì? Mo ní kó di Ọjọ́rú.

Màmá Físíìsì
Ọjọ́ Ajé, 8:12 alẹ́

Kò ní rí nǹkan tì, àfi àjákù ara rẹ̀ àti ìtànṣán ni yóò máa lọ, kò ní sí ògiri kankan. Ṣùgbọ́n àárín àwọn ìràwọ̀ pàápàá kò ṣófo tán, gáàsì fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ wà níbẹ̀. Ìràwọ̀ kan bú tí Tycho Brahe fojú rí ní 1572. Ògiri tirẹ̀ ṣì ń sáré lọ títí di bí mo ṣe ń tẹ èyí. Ẹ ní kó lọ wá fọ́tò rẹ̀.